Christopher Sapara Williams: Ọmọ Ìjẹ̀ṣà Tí Ó Kọ́kọ́ Di Lọ́yà

Ẹni tí ó bá gba ọ̀nà Òṣogbo wọ Ìlobùú, tí ó sì ń bá ìrìn rẹ̀ lọ sí Ìfọ́n, kò ní tètè mọ ibi tí ìlú kan parí sí àti ibi tí èkejì ti bẹ̀rẹ̀. Ojú àlejò ni kò mọ̀ ọ́n. Ọmọ onílé mọ̀ ọ́n dáadáa, ṣùgbọ́n ohun tí ó ń fa wàhálà ni pé ibi tí ọmọ Ìlobùú mọ̀ sí ààlà kọ́ ni ọmọ Ìfọ́n mọ̀ sí ààlà. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀ yìí ti pẹ́ nílẹ̀. Ní ọdún 2025, ó burú dé ibi pé ẹ̀mí ṣòfò, ilé jóná, Ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun sì kéde kónílé-ó-gbélé fún Ìfọ́n, Ìlobùú àti Ẹ̀rìn-Ọ̀ṣun. Ọmọ ọ̀kan nínú àwọn ìlú wọ̀nyí ni èmi tí mo ń kọ ìwé yìí. N kò ní sọ èyí tí í ṣe tèmi, nítorí kì í ṣe ẹjọ́ ni mo wá rò.

Ohun tí ó mú mi gbé gègé ni ọ̀rọ̀ kan tí ó máa ń jáde lẹ́nu tọmọdé tàgbà nígbàkúùgbà tí ìjà ilẹ̀ bá ti ṣẹlẹ̀ ní ọ̀dọ̀ wa. Wọn a ní kí a lọ sí kóòtù, kí a lọ gba lọ́yà. Ẹni tí ó bá gbọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ yóò rò pé láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ni lọ́yà ti wà nílẹ̀ Yorùbá, pé nígbà tí Odùduwà ń bọ̀, ó mú ọ̀kan lọ́wọ́. Bẹ́ẹ̀ kọ́. Iṣẹ́ náà kò tí ì pé àádọ́jọ ọdún lọ́wọ́ àwọn ènìyàn wa. Ẹni tí ó kọ́kọ́ ṣe é nínú gbogbo ọmọ ilẹ̀ tí a ń pè ní Nàìjíríà lónìí ni Christopher Alexander Sapara Williams. Ìjẹ̀ṣà ni orírun rẹ̀, ìyẹn ni pé ọmọ ìpínlẹ̀ tiwa yìí ni a bá pè é. Àwọn tí ń kọ́ ẹ̀kọ́ òfin ní yunifásítì mọ orúkọ rẹ̀ nítorí ìdánwò. Ó yẹ kí àwa yòókù náà mọ̀ ọ́n.

Ọjọ́ 14, oṣù Keje, ọdún 1855 ni wọ́n bí i, ṣùgbọ́n kì í ṣe Iléṣà ni wọ́n bí i sí. Sierra Leone ni. Gbogbo wa ni a mọ bí ogun ṣe tú ilẹ̀ Yorùbá ká ní ìdajì àkọ́kọ́ ọgọ́rùn-ún ọdún yẹn, bí wọ́n ṣe ń kó ènìyàn lẹ́rú lọ sí etíkun, àti bí ọkọ̀ ogun òyìnbó ṣe ń gba àwọn mìíràn sílẹ̀ lójú òkun, tí wọ́n sì ń já wọn sí Sierra Leone. Láàrin irú àwọn ènìyàn bẹ́ẹ̀, tí a ń pè ní Sàró nígbà tí wọ́n padà wálé, ni ìdílé Sapara wà. Ìdílé olórí pípé ni. Àbúrò rẹ̀, Oguntola Sapara, di dókítà, òun náà sì ni ó yọ́ wọ inú ẹgbẹ́ àwọn olóòṣà Ṣọ̀pọ̀ná láti mọ bí àrùn náà ṣe ń tàn kálẹ̀. Oguntola bọ́ orúkọ òyìnbó sílẹ̀, ó mú Sapara nìkan. Ẹ̀gbọ́n mú méjèèjì pọ̀. Bóyá kò ní ìtumọ̀ kan pàtàkì, ṣùgbọ́n lójú tèmi, orúkọ méjì yẹn bá iṣẹ́ tí ó ṣe láyé mu, nítorí àárín ayé méjì ni ó dúró sí títí ó fi kú.

Ó lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, ó wọ ilé ẹ̀kọ́ àwọn lọ́yà tí wọ́n ń pè ní Inner Temple. Ní ọjọ́ 17, oṣù Kọkànlá, ọdún 1879, wọ́n gbà á sí ẹgbẹ́ àwọn lọ́yà ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ọmọ ọdún mẹ́rìnlélógún ni nígbà náà. Ní ọdún 1888, orúkọ rẹ̀ wọ inú ìwé àwọn lọ́yà tí ó lè rojọ́ ní kóòtù Èkó. Kí ó tó dé, àwọn kan ti ń rojọ́ fún ènìyàn níbẹ̀ o. Lọ́yà kò tó nígbà náà, ìjọba a sì máa fún àwọn tí ó mọ ìwé díẹ̀, tí ó sì ti gbọ́ òfin òyìnbó sétí, ní àyè láti dúró fún olùpẹ̀jọ́ tàbí olùjẹ́jọ́. Títí di ọdún 1913 ni wọ́n ń ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn kan nínú wọn mọ̀ ọ́n ṣe dáadáa, ṣùgbọ́n kò sí ọmọ ilẹ̀ wa kankan tí ó kàwé òfin gboyè ṣáájú Sapara Williams.

Irú òfin wo ni ó bá ní Èkó? Ó yẹ kí a dúró díẹ̀ níbí, nítorí ibẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ wà.

Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ti gba Èkó ní ọdún 1861. Ní ọdún 1876, wọ́n ṣe òfin kan tí ó dá ilé-ẹjọ́ gíga sílẹ̀. Òfin náà kó ohun mẹ́ta wọlé láti ilẹ̀ wọn: òfin tí àwọn adájọ́ wọn ti fi ìdájọ́ lórí ìdájọ́ gbé kalẹ̀ láti ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún, ìlànà ẹ̀tọ́ tí wọ́n fi ń tún ibi tí òfin bá ti le jù ṣe, àti àwọn òfin ilé ìgbìmọ̀ wọn tí ó kan gbogbo ènìyàn, bí wọ́n ṣe wà ní ọjọ́ 24, oṣù Keje, ọdún 1874. Ẹ gbé e yẹ̀ wò. Òfin tí wọ́n ṣe fún àgbẹ̀ àti oníṣòwò ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ọjọ́ kan ṣoṣo ni wọ́n mú, wọ́n ní gbogbo ohun tí ó wà nílẹ̀ lọ́jọ́ náà ti di ti Èkó.

Ṣùgbọ́n òfin ọdún 1876 kò gbé àṣà wa sọnù pátápátá. Ó ní kóòtù gbọ́dọ̀ fi òfin àti àṣà ìbílẹ̀ dájọ́ láàrin àwọn ọmọ ìbílẹ̀, bí àṣà náà kò bá ti tako òdodo, ẹ̀tọ́ àti ẹ̀rí ọkàn rere. Ta ni yóò wá sọ èyí tí ó tako ẹ̀rí ọkàn rere nínú àṣà Yorùbá? Adájọ́ ni, òyìnbó sì ni adájọ́.

Gbólóhùn ẹ̀tọ́, òdodo àti ẹ̀rí ọkàn rere yìí kò ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde nítorí tiwa. Wọ́n ti ń lò ó ní Íńdíà kí ó tó dé Èkó. Àní ọ̀nà tí Gẹ̀ẹ́sì gbà fi òfin lélẹ̀ ní Éṣíà bá tiwa tan púpọ̀ ju bí a ṣe rò lọ. Ní ọdún 1860 ni wọ́n ṣe ìwé òfin ọ̀daràn fún Íńdíà, èyí tí ìgbìmọ̀ Thomas Macaulay kọ́kọ́ kọ sílẹ̀ (kì í ṣe Herbert Macaulay ti Èkó o, kí ẹnikẹ́ni má ṣe ṣì í gbọ́). Ìwé òfin yẹn rin ìrìn-àjò dé Sudan, láti Sudan ni Àríwá Nàìjíríà sì ti rí àwòkọ́ṣe tirẹ̀ ní ọdún 1959. Ti Gúúsù tiwa, láti Queensland ní Ọsirélíà ni ó ti wá, ó sì di òfin gbogbo Nàìjíríà ní ọdún 1916. Ohun tí wọ́n kọ ní Íńdíà ni wọ́n fi ń dájọ́ olè ní Kánò, ohun tí wọ́n kọ ní Ọsirélíà ni wọ́n fi ń dájọ́ olè ní Òṣogbo.

Ọ̀rọ̀ ti Japan yàtọ̀. Kò sí òyìnbó tí ó jọba lé wọn lórí, ṣùgbọ́n àwọn oníṣòwò òyìnbó tí ó wà níbẹ̀ kọ̀ láti jẹ́jọ́ ní kóòtù wọn. Aṣojú ìjọba orílẹ̀-èdè tiwọn ni ó ń dá ẹjọ́ wọn. Ni àwọn ará Japan bá ránṣẹ́ pe àwọn ọ̀mọ̀wé Faransé àti Jámánì, wọ́n bá wọn jókòó, wọ́n mú èyí tí ó wù wọ́n, wọ́n fi èyí tí kò wù wọ́n sílẹ̀, wọ́n sì ṣe ìwé òfin ìdílé àti ohun-ìní tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọdún 1898. Ní ọdún kejì, ìyẹn 1899, kóòtù àjèjì kásẹ̀ nílẹ̀ lọ́dọ̀ wọn. Àwọn ni wọ́n lọ ra aṣọ òfin tí wọ́n wọ̀. Tiwa, ẹlòmíràn ni ó rán an, òun náà ni ó sì wọ̀ ọ́ sí wa lọ́rùn. Ó wá ku ẹni tí yóò máa gé e, tí yóò máa gán an, kí ó lè bá ara wa mu díẹ̀. Iṣẹ́ tí Sapara Williams ṣe nìyẹn.

Bí ó ti ṣe é nìyí. Lójú àwọn kóòtù ìgbà náà, òfin Gẹ̀ẹ́sì ni òfin tí adájọ́ gbọ́dọ̀ mọ̀ fúnra rẹ̀. Àṣà Yorùbá kò rí bẹ́ẹ̀. Bí ẹnìkan bá ní òun jogún ilẹ̀ ní ìlànà ìbílẹ̀, ó gbọ́dọ̀ mú ẹlẹ́rìí wá tí yóò fi ìdí ìlànà náà múlẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ìgbà tí ènìyàn ń fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé òjò rọ̀ lánàá. Àfi bí àṣà kan bá ti wá síwájú kóòtù ní ọ̀pọ̀ ìgbà ni adájọ́ tó lè gbà á láìsí ẹlẹ́rìí mọ́. Nítorí náà, lọ́yà tí ó mọ ìwé Lọ́ńdọ̀nù nìkan kò lè ṣe ju ìdajì iṣẹ́ lọ. Ó gbọ́dọ̀ mọ ohun tí yóò bi olóyè, ohun tí yóò bi olórí ẹbí, àti ìtumọ̀ ohun tí wọ́n bá sọ. Ibi tí Sapara Williams ti ta àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ yọ nìyẹn. Gbogbo ẹni tí ó kọ nípa rẹ̀ ni ó gbà pé kò sí ẹni tí ó tó o nínú ẹjọ́ rírò ní ìgbà ayé rẹ̀, wọ́n sì gbà pé ó mọ àṣà tí a kò kọ sílẹ̀ yìí dénú. Òun ni olórí ẹgbẹ́ àwọn lọ́yà láti ọdún 1900 títí di ọdún 1915.

Ní oṣù Kẹwàá, ọdún 1901, Gómìnà fi í sí Ìgbìmọ̀ Aṣòfin. Kì í ṣe ìbò ni wọ́n fi yàn án, nítorí kò sí ìbò fún ẹnikẹ́ni nígbà náà. Díẹ̀ ni àwọn ọmọ ilẹ̀ tí ó wà níbẹ̀, òyìnbó ni ó pọ̀ jù, nígbà tí wọ́n bá sì ka iye, ohun tí Gómìnà fẹ́ ni ó ń borí. Ẹni tí kò bá rántí èyí lè máa bi ara rẹ̀ léèrè pé kí ni ó ń ṣe níbẹ̀ fún nǹkan bí ọdún mẹ́rìnlá.

Ní ọdún 1903, àríyànjiyàn bẹ́ sílẹ̀ lórí owó oníbodè tí àwọn ọba wa ń gbà lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò. Òyìnbó kì í san án, ọmọ ilẹ̀ ni ó ń san án. Gómìnà MacGregor béèrè bóyá kí a fagi lé e, kí ìjọba sì máa fún àwọn ọba ní owó dípò rẹ̀. Sapara Williams, Charles Joseph George àti Obadiah Johnson dá a lóhùn pé kí owó oníbodè wà bẹ́ẹ̀, kí a má bàa mú àwọn ọba bínú. N kò lérò pé àwọn oníṣòwò tí ń ru ẹrù gba ojú bodè lọ́jọ́ wọ̀nyẹn yóò dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn. Ní ọdún yẹn kan náà, ìjọba mú òfin kan wá nípa ìwé ìròyìn, wọ́n ní kí ẹnikẹ́ni má bàa ba orúkọ ẹlòmíràn jẹ́ ni. Àwọn mẹ́ta yìí kọ̀ ọ́, wọ́n ní yóò di àwọn oníwèé ìròyìn lẹ́nu.

Ọdún 1904 ni ó gbé ọ̀rọ̀ ààlà dìde nínú Ìgbìmọ̀ Aṣòfin. Àwọn òyìnbó ti fa ìlà kan la ilẹ̀ Yorùbá kọjá, wọ́n fi Ìlọrin, Ọ̀fà àti àwọn ará Ìgbómìnà sí abẹ́ ìjọba Àríwá, wọ́n fi àwa yòókù sí Gúúsù. Sapara Williams dá a lábàá pé kí wọ́n tún ìlà náà fà, kí gbogbo ẹni tí ó ń sọ èdè Yorùbá lè wà lábẹ́ ìjọba kan ṣoṣo. Ìmọ̀ràn rẹ̀ kò wọlé. Ẹni tí ó bá ti Ìkìrun lọ sí Ọ̀fà mọ̀ pé kò sí odò ńlá tàbí òkè gíga tí ó pín àwọn ènìyàn náà níyà. Ìlà inú ìwé ni. Ìlà kan náà yìí ni ó yí orúkọ padà títí ó fi di ààlà ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun àti Kwara, ọ̀rọ̀ rẹ̀ sì ṣì ń jà rànyìn lẹ́nu àwọn ènìyàn wa. Ní ọdún 1905 ẹ̀wẹ̀, ó lọ sí Lọ́ńdọ̀nù, ó kó ẹ̀bẹ̀ lọ síwájú àwọn aláṣẹ níbẹ̀, ọ̀kan nínú rẹ̀ sì ni pé kí wọ́n dá ilé ẹ̀kọ́ àwọn olùkọ́ sílẹ̀ ní Èkó.

Ìjà rẹ̀ tí ó le jù ni ti ọdún 1909. Gómìnà Egerton mú òfin wá tí yóò sọ ọ̀rọ̀ ìdìtẹ̀ sí ìjọba di ẹ̀ṣẹ̀ ńlá. Sapara Williams dìde lòdì sí i. Ẹjọ́ tí ó rò níbẹ̀ ni pé ẹni tí yóò lo òfin ni kí a wò, kí a má wo ẹni tí ó ń ṣe é. Bí àwọn aláṣẹ òní kò bá tilẹ̀ ní èrò búburú, àwọn mìíràn lè dé lọ́la tí ara wọn kò ní gba àríwísí kankan, ohunkóhun tí ènìyàn bá sì sọ nípa iṣẹ́ wọn ni wọn yóò pè ní ọ̀tẹ̀. Wọn kò gbọ́ tirẹ̀. Òfin náà kọjá ní oṣù Kọkànlá ọdún yẹn. Ohun tí ó yà mí lẹ́nu ni pé Egerton tí ó bá jà yìí kan náà ni ó tún fọwọ́ sí i pé kí ó padà sí Ìgbìmọ̀. Ó jọ pé ọkùnrin náà mọ bí a ṣe ń bá ènìyàn jà láìsọ ara ẹni di ọ̀tá. Àwọn kan lè pe èyí ní ojo. Èmi kò pè é bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n n kò tún ní pè é ní ajàjàgbara bíi Herbert Macaulay. Àárín ilé ni ó ti ń jà, kì í ṣe ìta.

Ní ọjọ́ kìíní ọdún 1914, Lugard so Àríwá àti Gúúsù pọ̀. Ní ọdún kan náà ni ó yí ètò kóòtù padà, ìyípadà yìí gan-an ni ó sì kan Ìlobùú àti Ìfọ́n. Ó dín agbára ilé-ẹjọ́ gíga kù sí Èkó àti àwọn ìlú díẹ̀ mìíràn. Ní gbogbo ìgbèríko, títí kan ìgbèríko Ọ̀yọ́ tí àwọn ìlú tiwa wà lábẹ́ rẹ̀ nígbà náà, ó dá kóòtù ìgbèríko sílẹ̀, àwọn òyìnbó aláṣẹ tí wọ́n ń gba owó-orí, tí wọ́n sì ń bá ọba ṣèlú, ni wọ́n fi ṣe adájọ́ níbẹ̀. Lọ́yà kò gbọdọ̀ dé ibẹ̀. Kò gbọdọ̀ dé kóòtù ìbílẹ̀ náà. Àlàyé wọn ni pé lọ́yà yóò máa ru ènìyàn sókè sí ẹjọ́, yóò sì máa jẹ owó àgbẹ̀. Irọ́ kọ́ ni gbogbo rẹ̀, nítorí a mọ àwọn ẹbí tí ẹjọ́ ilẹ̀ sọ di tálákà. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá ní ẹjọ́ pẹ̀lú ìjọba fúnra rẹ̀, ta ni yóò bá a rò ó níwájú òṣìṣẹ́ ìjọba? Ọdún 1933 ni ìjọba tó ṣòfin tí ó pa kóòtù ìgbèríko wọ̀nyí rẹ́, tí ó sì ṣílẹ̀kùn fún lọ́yà ní kóòtù gíga tí ó rọ́pò wọn.

Sapara Williams kò rí ọjọ́ náà. Ó ṣì wà nínú Ìgbìmọ̀ tí Lugard tún tò lẹ́yìn ìsopọ̀, ibẹ̀ ni ó sì wà títí ikú fi dé ní ọjọ́ 15, oṣù Kẹta, ọdún 1915. Ó kù díẹ̀ kí ó pé ọgọ́ta ọdún.

Kò pẹ́ lẹ́yìn ikú rẹ̀ tí ohun tí ó wí ṣẹ. Ní ọdún 1916, wọ́n gbé James Bright Davies, olóòtú ìwé ìròyìn kan ní Èkó, lọ sí kóòtù lórí ẹ̀sùn ọ̀rọ̀ ìdìtẹ̀, wọ́n sì sọ ọ́ sẹ́wọ̀n. Ṣùgbọ́n ní ọdún 1921, nǹkan mìíràn tún ṣẹlẹ̀. Ìjọba ti gba ilẹ̀ Apápá, wọ́n sì fẹ́ ṣe é bí ẹni pé olóyè tí ó ni ín kàn ń gba ìṣákọ́lẹ̀ lórí rẹ̀ ni, pé kò ní ilẹ̀ náà ní ti gidi. Olóyè Olúwa, Amodu Tijani, gbé ẹjọ́ náà dé ọ̀dọ̀ àwọn adájọ́ Ọba ní Lọ́ńdọ̀nù. Àwọn yẹn dá a láre. Wọ́n ní kí a má ṣe fi ojú òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì wo ilẹ̀ Yorùbá, pé ẹbí àti ìlú ni ó ni ilẹ̀ lọ́dọ̀ wa, kí ìjọba sì san owó rẹ̀ bí ẹni tí ó ń sanwó fún onílẹ̀. Kóòtù òyìnbó ni a fi gba ilẹ̀ wa padà lọ́wọ́ òyìnbó.

Fún ìlú tí ààlà pa pọ̀, bíi Ìlobùú àti Ìfọ́n, ìdájọ́ kan ṣì wà tí mo fẹ́ kí gbogbo ọmọ ìlú méjèèjì mọ̀. Ní ọdún 1957, ẹjọ́ ilẹ̀ kan láti Gold Coast, tí í ṣe Gánà báyìí, dé iwájú àwọn adájọ́ Lọ́ńdọ̀nù wọ̀nyẹn. Ẹjọ́ Kojo àti Bonsie ni a ń pè é. Ìtàn àwọn baba ńlá ni ẹgbẹ́ méjèèjì gbé wá, ìtàn méjèèjì kò sì bára mu. Àwọn adájọ́ sọ pé èyí kò túmọ̀ sí pé ẹnìkan ń purọ́. Ìtàn tí ó ti ẹnu dé ẹnu fún ọ̀pọ̀ ọdún lè yí padà lọ́nà láìsí ẹni tí ó mọ̀ọ́mọ̀ yí i. Nítorí náà, bí onítàn ṣe sọ̀rọ̀ dùn tó kọ́ ni adájọ́ yóò wò. Ohun tí ojú àwọn alààyè ti rí lórí ilẹ̀ náà ni yóò fi mọ ìtàn tí ó ṣeé gbà jù. Àwọn kóòtù Nàìjíríà gba ìlànà yìí, wọ́n sì ń lò ó títí di òní.

Bí ọ̀rọ̀ ààlà wa bá dé iwájú adájọ́, ibi tí ìbéèrè rẹ̀ yóò dá lé nìyẹn. Kò ní parí rẹ̀ síbi ẹni tí ó kọ́kọ́ dé láàrin Olóbùú àti Olúfọ́n. Yóò béèrè ẹni tí ó ń dáko níbẹ̀ láti nǹkan bí àádọ́ta ọdún sẹ́yìn, ẹni tí ó gbin igi obì tí ó wà níbẹ̀, ẹni tí ó ń gba ìṣákọ́lẹ̀ àti ẹni tí ó ń san án, ẹni tí wọ́n sin òkú rẹ̀ sí ibẹ̀, àti bóyá pèrègún tí wọ́n gbìn sí ojú ààlà ṣì wà lójú kan náà.